Ohùn Tí Ìyá Tíṣà Fi Ń Jà

Kò yẹ kí dókítà náà máa rẹ́rìn-ín nígbà tó ń sọ ọ́. Ó ní gẹ̀gẹ̀ ọrùn Ìyá Tíṣà ti kúrò ní ohun tí a lè máa fi ìborùn bò, ó ti ń fún ọ̀nà èémí mọ́ wọn, iṣẹ́ abẹ nìkan ló kù. Ó ní iṣan kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ gẹ̀gẹ̀ náà tó ń gbé ohùn ènìyàn jáde. Àwọn yóò ṣọ́ra gidigidi, àmọ́ nígbà mìíràn ohùn a máa yí padà, nígbà mìíràn a sì máa lọ pátápátá. Ibẹ̀ ló ti rẹ́rìn-ín, ó ní, "Ṣùgbọ́n ní ọjọ́ orí Màmá yìí, kí ló tún kù tí Màmá fẹ́ sọ?"

Inú bí mi débi pé mo ti fẹ́ dìde. Ìyá Tíṣà ló fọwọ́ tẹ orúnkún mi. Wọ́n wo dókítà náà bí wọ́n ṣe máa ń wo ọmọ tí kò ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá, wọ́n ní, "Ọ̀rọ̀ pọ̀ nílẹ̀, ọmọ mi. Ẹ ṣáà mójú tó ọwọ́ yín."

Àbúrò bàbá mi ni Ìyá Tíṣà, àwọn ló sì tọ́ mi dàgbà nílé wa ní Ìgbẹ̀ìn, ní Abẹ́òkúta, lẹ́yìn tí ìyá mi kú. Wọ́n ṣe iṣẹ́ tíṣà títí wọ́n fi di ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́. Wọ́n fẹ̀yìn tì, ṣùgbọ́n orúkọ iṣẹ́ náà kò bá wọn fẹ̀yìn tì. Nígbà tí wọ́n wà lẹ́nu iṣẹ́, bí wọ́n bá ti sọ̀rọ̀ láàárọ̀ ní gbàgede, kò sí ọmọ tó ń dúró de agogo mọ́. Ní ṣọ́ọ̀ṣì, àwọn ni wọ́n máa ń fún ní ẹ̀kọ́ kíkà lọ́jọ́ ńlá, nítorí pé ohùn wọn máa ń dé ọ̀dọ̀ àwọn apẹ́lẹ́yìn tó jókòó sí ẹnu ọ̀nà, kódà bí iná bá lọ. Ẹlòmíràn a máa fi ẹwà yangàn, ẹlòmíràn a máa fi ọmọ yangàn. Ohùn ni tiwọn. Mo mọ̀ pé lọ́jọ́ tí a kúrò ní ọ́sípítù yẹn, ẹ̀rù ohùn náà bà wọ́n ju ẹ̀rù ikú lọ, bí wọ́n tilẹ̀ dúró ra ọ̀gẹ̀dẹ̀ lójú ọ̀nà tí wọ́n sì ná an bí ẹni tí kò ní ìṣòro kankan láyé.

Nígbà tí mo délé, mo pe ọmọ mi obìnrin. Nọ́ọ̀sì ni, ó ń ṣiṣẹ́ ní Òkìláhómà, lórílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà. Ìpínlẹ̀ yẹn ni àwọn ènìyàn kan tí wọ́n ń pè ní Ọ́séèjì ń gbé. Ọmọ ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni wọ́n, ṣáájú kí òyìnbó tó dé ibẹ̀. Ọmọ mi ti sọ ìtàn wọn fún mi rí, mo sì ti dá a lóhùn bí èèyàn ṣe ń dá ọmọ tó ń sọ ìròyìn òkèèrè lóhùn. Lọ́jọ́ yẹn mo gbọ́ ọ dáadáa. Ó ní láyé àtijọ́, wọ́n kó àwọn ọmọ Ọ́séèjì lọ sí ilé ẹ̀kọ́ tí wọ́n ti ń jẹ wọ́n níyà bí wọ́n bá sọ èdè wọn. Nígbà tó yá, àwọn tó mu èdè náà mọ́ ọmú kú tán, ọ̀kọ̀ọ̀kan, bí àgbà ṣe ń kú. Ṣùgbọ́n àwọn kan ti jókòó ti àwọn àgbà náà kí wọ́n tó lọ, wọ́n ti gba ohùn wọn sílẹ̀. Wọ́n ṣe lẹ́tà tó jẹ́ tiwọn nìkan láti máa fi kọ ọ́, wọ́n sì ń kọ́ ara wọn, ọmọdé àti àgbà, nínú kíláàsì. Ó ní bàbá arúgbó kan tí òun ń tọ́jú ń kọ́ bí bàbá rẹ̀ àgbà ṣe máa ń kí ènìyàn láàárọ̀.

Mo ní, "Ọlọ́run ò ní jẹ́ kó ṣe wá bẹ́ẹ̀. Yorùbá pọ̀ bí yanrìn."

Ọmọ mi ní, "Mọ́mì, kì í ṣe Yorùbá ni mò ń wí. Èyí tí Ìyá Tíṣà fi máa ń bú wa tí inú bá bí wọn ńkọ́? Ẹ̀gbá yẹn. Ta ló tún ń sọ ọ́ nínú ilé wa?"

Ó dùn mí, nítorí pé òótọ́ ni. Ọ́fíìsì kan ní Èkó ni mo ti ń ṣiṣẹ́, mò ń lọ mò ń bọ̀ láti Abẹ́òkúta nínú ọkọ̀ ojú irin bíi ti ọ̀pọ̀ ènìyàn ìlú wa. Òyìnbó ni mò ń sọ lọ́fíìsì. Nínú ọkọ̀, àmúlùmálà ni, píjìn díẹ̀, Yorùbá díẹ̀. Nílé, èdè ìwé ni èmi àti ọkọ mi fi ń sọ̀rọ̀, nítorí pé ọmọ Ìjẹ̀bú ni, òun náà sì ti gbé tiwọn kọ́ sí ẹ̀yìn ilẹ̀kùn kó tó wá fẹ́ mi. Ẹni tí kò mọ̀ á ní Ẹ̀gbá àti Yorùbá ìwé ò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀. Lóòótọ́, ìlú wa ni àwọn oníṣọ́ọ̀ṣì ti mú púpọ̀ nínú ohun tí wọ́n fi kọ Yorùbá ìwé. Ṣùgbọ́n ẹni tó mú ẹ̀wù lára rẹ kò mú awọ ara rẹ. Ohùn kan wà tí àwọn àgbà wa fi ń fa ọ̀rọ̀ bí ẹni ń fa okùn lójú kànga, tí wọ́n á wá gé e lójijì níbi tí o kò rò. Ọ̀rọ̀ oko wà níbẹ̀ tí kò sí nínú ìwé kankan, àpárá wà níbẹ̀, èébú wà níbẹ̀ tí ó dùn ju oríkì ẹlòmíràn lọ. Mo gbọ́ gbogbo rẹ̀. Mi ò lè sọ ìdajì rẹ̀.

Nítorí náà mo pinnu pé kí iṣẹ́ abẹ náà tó dé, mo máa gba ohùn Ìyá Tíṣà sílẹ̀ lédè Ẹ̀gbá. Mo sọ fún wọn. Inú wọn dùn púpọ̀. Ó yẹ kí ìdùnnú yẹn ti jẹ́ kí n fura.

Lọ́jọ́ Sátidé tí a fi sí i, mo bá wọn nínú pálọ̀, wọ́n wọ léèsì tí wọ́n fi ń lọ síbi ìkórè, wọ́n we gèlè, wọ́n sì ti ní kí ọmọ tó ń bá wọn ṣiṣẹ́ ilé pa fáànù nítorí ariwo. Mo gbé fóònù sórí tábìlì. Nílé tiwa, a kì í bẹ̀rẹ̀ ohunkóhun láìgbàdúrà. A ń gbàdúrà kí a tó jẹun, kí a tó rìnrìn àjò, kí a tó ṣe ìpàdé lórí ilẹ̀ ẹbí tí gbogbo wa mọ̀ pé ìjà la máa fi parí rẹ̀. Nítorí náà mo gbàdúrà. A kọ orin. Wọ́n ṣe Àmín tó gún régé. Mo wá ní kí wọ́n sọ fún mi bí wọ́n ṣe ń ṣe láfún nígbà kékeré wọn.

Wọ́n ní, "Ní àkọ́kọ́, a ó wa ẹ̀gẹ́ kúrò nínú ilẹ̀. Lẹ́yìn èyí, a ó bẹ èèpo ara rẹ̀ kúrò, a ó sì rẹ ẹ́ sínú omi títí yóò fi rọ̀."

Mo ní kí wọ́n sọ ọ́ bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ nílé. Wọ́n ní bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ nílé nìyẹn. Mo ní kí wọ́n sọ nípa ìyá wọn. Wọ́n ní ìyá wọn jẹ́ obìnrin rere, ẹni tí ó bẹ̀rù Ọlọ́run tí ó sì fẹ́ràn àwọn ọmọ rẹ̀. Mo tún padà wá lọ́jọ́ mìíràn, a tún gbàdúrà, a tún ṣe bákan náà. Lọ́jọ́ yẹn, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ka Sáàmù sínú fóònù láìjẹ́ pé mo béèrè.

Nínú ọkọ̀ ojú irin, mo ki íapíìsì sí etí, mo tẹ́tí sí gbogbo rẹ̀ láti Abẹ́òkúta dé Èkó. Ohùn náà dára, mi ò ní purọ́. Ṣùgbọ́n obìnrin tó ń sọ̀rọ̀ yẹn kọ́ ló tọ́ mi. Obìnrin tó tọ́ mi kò sọ fún mi rí pé "dákun, dẹ́kun ẹkún." Bí mo ti ń sọ̀ kalẹ̀, inú ń bí mi, iṣẹ́ ọjọ́ náà kò sì wọ̀ mí lára.

Mo gba ọ̀dọ̀ wọn lọ kí n tó lọ sílé. Mo ní, "Màmá, èyí tí ẹ ń ṣe yìí kọ́ ni ẹnu yín."

"Ẹnu ta wá ni?"

"Ẹnu ṣọ́ọ̀ṣì ni. Ẹ jọ̀ọ́, ti ilé ni mo fẹ́."

"Ti oko lo fẹ́ kí o wí. Kí àwọn ọmọ yín tó wà lókè òkun máa gbọ́ mi, kí wọ́n máa ní ará oko ni màmá àwọn." Wọ́n ṣí gèlè kúrò lórí. Wọ́n wá sọ fún mi ohun tí mi ò gbọ́ rí. Wọ́n ní ọjọ́ àkọ́kọ́ tí àwọn dé ilé ẹ̀kọ́ àwọn tíṣà, wọ́n ní kí àwọn dìde kàwé. Àwọn kà á bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀ ní oko ìyá àwọn. Gbogbo kíláàsì bú sẹ́rìn-ín, títí kan ẹni tó ń kọ́ wọn. Ẹnì kan béèrè bóyá ẹ̀gẹ́ wà nínú àpótí àwọn. "Èmi ni mo fi ọwọ́ ara mi ṣe ohùn tí ò ń gbọ́ yìí. Mo máa ń lọ sí ẹ̀yìn ilé lọ máa kàwé sí ògiri. Bí wọ́n bá máa mú ohùn mi lọ, ohùn tí mo ṣiṣẹ́ fún ni kí o bá mi gbà sílẹ̀. Èyí tí wọ́n fi rẹ́rìn-ín, kó máa lọ."

Àánú wọn ṣe mí. Ṣùgbọ́n mi ò gbà fún wọn. Ìgbẹ̀ìn ni wọ́n ti bí èmi náà, orí kunkun kò wọ́n wa níbẹ̀.

Ẹni tó bá mi tú ọ̀rọ̀ náà ni Ìyá Wásinmi. Ẹ̀gbọ́n Ìyá Tíṣà ni, ọmọ ìyá kan náà. Nígbà tí àbúrò lọ sí ilé ẹ̀kọ́, àwọn ló dúró ti ìyá wọn nínú oko ní Wásinmi, ibẹ̀ ni wọ́n sì wà títí di òní, pẹ̀lú etí tó ti ń wúwo díẹ̀ àti ẹnu tí kò wúwo rárá. Ìyá Tíṣà ní ọ̀rọ̀ iṣẹ́ abẹ kì í ṣe ohun tí èèyàn ń sọ fún ẹ̀gbọ́n ẹni lórí fóònù. Mo wa mọ́tò gbé wọn lọ.

Bí a ṣe dé, Ìyá Wásinmi wà lórí àpótí ìdáná lábẹ́ ìbòòji, òkìtì ẹ̀gẹ́ wà níwájú wọn, wọ́n ń bẹ ẹ́. Wọ́n gbójú sókè wo léèsì àbúrò wọn. "Ìwọ nìyẹn? Mo ṣe bí ìyàwó bíṣọ́ọ̀bù ló ṣìnà."

Ìyá Tíṣà kúnlẹ̀ kí wọn. Ibi tí wọ́n kúnlẹ̀ sí náà ni ojú wọn ti bọ́ sára ẹ̀gẹ́ tí ẹ̀gbọ́n wọn ń bẹ. "Bẹ́ẹ̀ lẹ ṣe ń bẹ ẹ̀gẹ́? Ẹ wo gbogbo ara ẹ̀ tẹ́ ẹ bẹ mọ́ èèpo! Ewúrẹ́ lẹ ń bẹ ẹ́ fún àbí èèyàn?"

"Gba ọ̀bẹ kó o bẹ ẹ́, ìyàwó bíṣọ́ọ̀bù."

Wọ́n bọ́ bàtà, wọ́n ká léèsì sókè, wọ́n gba ọ̀bẹ. Ọ̀rọ̀ bẹ̀rẹ̀. Mo dúró síbẹ̀, mo ya ẹnu sílẹ̀. Ohùn tí mo ti ń wá nínú pálọ̀ láti ọjọ́ yìí wá, òun ló ń jáde wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́ bí omi, láìsí ẹni tó bẹ̀ ẹ́. Ibẹ̀ ni mo ti rí àṣìṣe mi. Àdúrà ni. Èmi ni mò ń fi àdúrà ti ilẹ̀kùn, tí mo tún ń kan ilẹ̀kùn náà. Ní ilé wa, bí a bá ti ṣe Àmín, kò sẹ́ni tó tún lè sọ̀ kalẹ̀ kúrò nínú Yorùbá ṣọ́ọ̀ṣì, ó máa dà bí ẹni tó tutọ́ sílẹ̀ níwájú pẹpẹ. Lọ́jọ́ yẹn ní Wásinmi, ọwọ́ wọn ti wà nínú ẹ̀gẹ́ kí ẹnikẹ́ni tó rántí pé a ò tíì gbàdúrà.

Mo mú fóònù jáde, mo béèrè lọ́wọ́ wọn bóyá mo lè gbé e kalẹ̀. Ìyá Tíṣà ń jà lọ́wọ́, wọn ò ráyè mi, wọ́n kàn mi orí pé kí n gbé e. Mo gbé e sórí odó tí wọ́n dojú rẹ̀ dé.

Ìyá Wásinmi ní, "Kí nìyẹn ń wò?"

"Kò wò yín, Màmá. Ohùn yín ló ń gbà sílẹ̀."

"Kó gbà á. Ó pọ̀ lọ́wọ́ mi."

Ìjà náà dé orí láfún tí wọ́n sá sórí àpáta nígbà tí wọ́n wà lọ́mọdé. Ìyá wọn ní kí àbúrò máa ṣọ́ ọ. Láfún náà dín kù. Àbúrò ní ewúrẹ́ ló jẹ ẹ́. Ẹ̀gbọ́n ní ewúrẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ méjì ni, tó jẹ ẹ́ tán tó tún nu ẹnu. Àbúrò ní ta ló ń jẹ láfún tútù? Ẹ̀gbọ́n ní ẹni tí ebi ń pa kì í wo iná. Mi ò ní gbìyànjú láti kọ ọ́ bí wọ́n ṣe sọ ọ́. Lẹ́tà lè gbé ọ̀rọ̀, kò lè gbé bí Ìyá Tíṣà ṣe fa "ewúrẹ́" yẹn gùn títí ewúrẹ́ náà fi wọlé tó sì jáde. Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi.

Lẹ́yìn náà ni wọ́n sọ ọ̀rọ̀ tó gbé wa wá. Ìyá Wásinmi fi ọ̀bẹ sílẹ̀.

"O máa kú ni?"

"Ọ́n ní mi ò ní kú. Ohùn mi ni wọn ò mọ̀. Ó lè lọ, ó lè má lọ."

Ìyá Wásinmi mú èèpo ẹ̀gẹ́ kan, wọ́n ń ya á sí wẹ́wẹ́. Wọ́n ní, "Àwọn ọmọ mi ò fi nǹkan dù mí. Wọ́n á wá, ẹ kú ilé mà, ṣé ẹ ti jẹun mà, wọ́n á já oògùn fún mi lò. Bí mo bá da àpárá, wọ́n á ní mà. Bí mo bá bú wọn, wọ́n á ní ẹ má bínú mà. Ìwọ nìkan ló kù tó ń fèsì fún mi. Bí ohùn ẹ bá lọ, tèmi náà ti lọ nìyẹn. Ta ni n óò máa fi í sọ̀rọ̀ sí?"

Ìyá Tíṣà bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Èmi náà ò lè dúró, mo lọ sí ẹ̀yìn mọ́tò.

Kí a tó kúrò, mo ní kí wọ́n gbọ́ ohun tí fóònù gbà. Mo sún un mọ́ etí Ìyá Wásinmi. Ìyá Tíṣà fi ìborùn bojú. "Ṣé bí mo ṣe ń sọ̀rọ̀ nìyẹn?"

Ìyá Wásinmi ní, "Bí ìyá wa ṣe ń sọ̀rọ̀ nìyẹn."

Ìyá Tíṣà mú ìborùn kúrò lójú díẹ̀díẹ̀, wọ́n wo fóònù náà lọ́wọ́ mi. Wọ́n ní, "Tún fi sí i."

Nínú mọ́tò nígbà tí à ń padà bọ̀, mo rò pé wọ́n ti sùn. Ohùn wọn ni mo gbọ́ lẹ́yìn mi: "Wá lọ́la, lẹ́yìn iṣẹ́. Má sì wá gbàdúrà sí mi lórí o. Èmi á ti gbà á kó o tó dé."

Láti ọjọ́ yẹn, a kò jókòó sí pálọ̀ mọ́. Ilé ìdáná ni, tàbí ẹ̀yìnkùlé níbi tí wọ́n ti ń ṣa ẹ̀wà. Mo rò pé èmi ni mò ń ṣe iṣẹ́ náà, kò pẹ́ tí mo fi rí i pé akẹ́kọ̀ọ́ ni mí. Wọ́n á sọ ọ̀rọ̀ kan, wọ́n á ní, "Ó yá, sọ ọ́." Mo ní fóònù ti gbọ́. Wọ́n ní fóònù kọ́ ni àwọn ń kọ́. Nínú ọkọ̀ ojú irin, mò ń sọ ọ́ lábẹ́ èémí títí ọkùnrin tó jókòó tì mí fi béèrè bóyá mo ní ìṣòro. Nígbà tí mo bá sọ ọ́ fún wọn, wọ́n á di etí. "O ń sọ ọ́ bí ará Ìjẹ̀bú." Mo ní ẹ̀yin kúkú lẹ gba owó ìdána lọ́wọ́ wọn. Wọ́n ní bẹ́ẹ̀ ni, owó la gbà, a ò gba ohùn. Mo gbádùn àwọn ọjọ́ yẹn. Nígbà mìíràn mo máa ń gbàgbé ìdí tí a fi ń kánjú.

Iṣẹ́ abẹ náà lọ dáadáa. Wọ́n yọ gẹ̀gẹ̀, ọ̀nà èémí ṣí, àwọ̀ ara wọn padà bọ̀ sípò. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n lanu, èémí lásán ló jáde, pẹ̀lú ọ̀rọ̀ díẹ̀ nínú rẹ̀ bí yanrìn nínú ẹ̀wà. Dókítà wa ò rẹ́rìn-ín lọ́tẹ̀ yìí. Ó ní ó lè padà díẹ̀díẹ̀, kí a ṣe sùúrù, kò sì fẹ́ ṣe ìlérí. Ìyá Tíṣà pè é mọ́ra, wọ́n sọ nǹkan kan. Kò gbọ́. Ó bi mí pé kí ni Màmá wí. Mo ní, "Wọ́n ní ẹ ṣeun." Kì í ṣe ohun tí wọ́n wí gan-an nìyẹn.

Ìyá Wásinmi ni kò ní sùúrù. Wọ́n ń pe fóònù mi lójoojúmọ́ láti ọwọ́ ọmọ wọn, wọ́n ń pariwo, "Gbé e fún un!" Mo máa ń gbé e fún wọn. Ìyá Tíṣà á sọ̀rọ̀ pẹ̀lú gbogbo agbára ọrùn wọn, ẹ̀gbọ́n wọn tí etí wọn ti wúwo kò ní gbọ́ nǹkan kan. "Ṣé ó wà níbẹ̀? Kí ló dé tí kò sọ̀rọ̀?" Ìyá Tíṣà á dá fóònù padà fún mi, wọ́n á kọjú sí ògiri.

Mo ro ara mi sí ọlọgbọ́n. Mo ní ṣebí tìtorí irú ọjọ́ yìí la ṣe gbà á. Mo wá èyí tó dùn jù nínú gbogbo ohun tí a ti gbà, mo fi sí Ìyá Wásinmi létí lórí fóònù. Wọ́n tẹ́tí sí i díẹ̀. Mo gbọ́ tí wọ́n rẹ́rìn-ín, tí wọ́n fi èsì sí i. Wọ́n dúró. Wọ́n tún sọ ọ́. Lẹ́yìn náà ni wọ́n ní, "Ó ń sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n kò dá mi lóhùn. Pa á."

Mo pa á. Ó dùn mí wọra. Mi ò sọ pé a ṣe iṣẹ́ náà lásán. Àwọn ọmọ mi ń gbọ́ ọ ní Amẹ́ríkà, àwọn ọmọ wọn yóò gbọ́ ọ, bó bá ti wù kó pẹ́ tó, ẹnì kan máa mọ bí a ṣe ń sọ ọ́. Mo ṣì fi ọwọ́ sọ àyà lórí ìyẹn. Ṣùgbọ́n ìyá kan wà ní Wásinmi tí ohun tó ń ṣe wọ́n kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀yìn ọ̀la.

Lọ́jọ́ kejì, fóònù tún dún. Mo jókòó sórí ibùsùn Ìyá Tíṣà ní Ìgbẹ̀ìn. Mo ní, "Màmá, ẹ sọ ọ́ fún mi, kí n bá yín sọ ọ́." Wọ́n sún ẹnu mọ́ etí mi. Ohun tí wọ́n sọ ni pé kí ẹ̀gbọ́n àwọn yé pariwo mọ́ àwọn, ọrùn ni wọ́n gé, wọn ò gé etí. Mo yí i sí ọ̀rọ̀ ọmọlúàbí. Mo ní, "Màmá, wọ́n ní ẹ jọ̀ọ́, kí ẹ rọra máa sọ̀rọ̀, pé àwọn ń gbọ́ yín dáadáa."

Ìyá Tíṣà gbá mi nítan. Ó dùn mí gan-an, ọwọ́ tíṣà ni. Wọ́n mi orí, wọ́n na ìka sí ẹnu mi, wọ́n sì tún un sọ sí mi létí, ọ̀rọ̀ kan sí èkejì, bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ nílé ìdáná.

Mo mí kanlẹ̀. Mo sọ ọ́ bí wọ́n ṣe sọ ọ́. Mo fa ibi tó yẹ kí n fà, mo gé e níbi tó yẹ kí n gé e.

Kò sí ohùn kankan láti Wásinmi. Mo rò pé nẹ́tíwọ́ọ̀kì ti lọ. Mo ní, "Ẹ̀lóò?"

Ìyá Wásinmi ní, "Ta nìyẹn?"

"Èmi ni, mà."

"Má pè mí ní mà! Ìwọ ọmọ yìí, o mọ ọ̀rọ̀ sọ báyìí, o wá ń bá mi sọ̀rọ̀ bí àlùfáà láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí ẹ? Ta lo ń fi í pa mọ́ fún?"

Mo wo Ìyá Tíṣà kí wọ́n sọ èsì fún mi. Wọn ò sún mọ́ mi. Wọ́n fara ti ìrọ̀rí, wọ́n pa ẹnu dé, wọ́n sì na ọwọ́ sí mi bí wọ́n ṣe máa ń na ọwọ́ sí ọmọ tí ó kàn láti dìde nínú kíláàsì. Èmi ni mo wá èsì fúnra mi. Mo ní ẹni tí kì í jẹ́ kí ènìyàn lanu, báwo ló ṣe máa gbọ́ ohun tó wà nínú rẹ̀? Ìyá Wásinmi ní háà, wọ́n bú mi, wọ́n bú ọkọ mi Ìjẹ̀bú, wọ́n bú mọ́tò mi. Mo fèsì sí ọ̀kọ̀ọ̀kan. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, èjìká Ìyá Tíṣà ń mì, ẹ̀rín ni, kò dún. A jà títí kírédíìtì fi tán.